Ọwọ́ Ìyá Kóòdù, Ẹnu Aláàpù

Nígbà tó fi máa di ọjọ́ kẹta ìdánilẹ́kọ̀ọ́ náà, Ìyá Kóòdù ti mọ̀ pé bí Ọlọ́run ò bá kó òun yọ, òun máa gbá ìyàwó àbúrò ọkọ òun létí níṣojú gbogbo èèyàn. Kò fi ṣàwàdà o. Ọwọ́ ń yún un gidi.

Ẹ jẹ́ kí n tò ó fún yín. Iṣẹ́ kan ṣoṣo ni ilé iṣẹ́ wọn ń ṣe: ètò orí kọ̀ǹpútà tí àwọn aláìsàn fi ń gba ọjọ́ tí wọ́n máa rí dókítà. Ó ti di ọdún mọ́kàndínlógún tí Ìyá Kóòdù ti ń kọ kóòdù, àwọn àṣẹ tí kọ̀ǹpútà ń tẹ̀ lé, fún èyí tó wà nínú ọ́fíìsì, ìyẹn ìyá gbogbo ẹ̀, níbi tí orúkọ àwọn aláìsàn wà. Àwọn mìíràn ló ń kọ ti orí ìkànnì. Ti orí fóònù, ìyẹn áàpù, ìyàwó àbúrò ọkọ rẹ̀ ló ń kọ ọ́, ìdí nìyẹn tí gbogbo ọ́fíìsì fi ń pè é ní Aláàpù. Ta ló sì mú Aláàpù wọ ilé iṣẹ́ yẹn? Ìyá Kóòdù náà ni. Òun ló gbé ìwé rẹ̀ lọ bá ọ̀gá, òun ló ní, “Obìnrin ilé mi ni, ọmọ dáadáa ni.” Ẹni a ní kó kín ni lẹ́yìn, ẹ̀gún ló fi sọ́wọ́. Oṣù mẹ́rin péré lẹ́yìn náà, níbi ìpàdé, níwájú ọ̀gá, ọmọ dáadáa dìde, ó ní kóòdù inú ọ́fíìsì ti gbó, pé ògiri ẹ̀ ti sán, pé ṣe làwọn kàn ń kùn ún lọ́dà. Ó wá fi kún un pé, “Ẹ má bínú o, ìyálé mi.”

Ẹ má bínú kẹ̀! Láti ọjọ́ náà, bí Ìyá Kóòdù bá ti gbọ́ “ìyálé mi” lẹ́nu ọmọ yẹn, inú rẹ̀ á ru. Àwọn ọkọ wọn, ọmọ ìyá kan náà, ò fi bẹ́ẹ̀ yà nílé ara wọn mọ́.

Ọ̀gá wọn, obìnrin kan tí kì í fara mọ́ ìpàdé tó bá ti lé ní ogún ìṣẹ́jú, ló wá ní òun máa da ẹ̀ka mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pọ̀, olórí kan ṣoṣo ló sì máa wà. Ó gba olùkọ́ kan láti ìta kó wá fi ọjọ́ márùn-ún kọ́ wọn níṣẹ́ ìgbàlódé. Lọ́jọ́ Ẹtì, tí ẹ̀kọ́ bá parí, òun á mú olórí láàárín Ìyá Kóòdù àti Aláàpù. Ìyá Kóòdù fẹ́ ipò yìí débi pé kì í rí oorun sùn mọ́. Kì í ṣe nítorí owó oṣù. Pé kí òun máa gbàṣẹ lọ́wọ́ ọmọ tóun fọwọ́ ara òun mú wọlé, kí àwọn sì tún jọ máa pàdé nínú ẹbí? Láéláé.

Yàrá ìpàdé òkè pátápátá ni wọ́n lò. Tábìlì mẹ́fà ló wà níbẹ̀, okùn iná lọ́ kiri gbogbo ilẹ̀, ẹ̀rọ amúlétutù ń kán omi tó-tó sínú ike kan lábẹ́ fèrèsé. Olùkọ́ náà ò lè sọ gbólóhùn mẹ́ta kó má ní “Ẹ fọwọ́ bà á!” Kí ilẹ̀ ọjọ́ kìn-ín-ní tó ṣú, wọ́n ti sọ ọ́ ní Fọwọ́bà-á. “Ẹ̀kọ́ ojú kọ́ lèyí o,” á pariwo, “ẹ̀kọ́ ọwọ́ ni. Ẹ fọwọ́ bà á!”

Ọjọ́ kẹta yìí ló mú òfin rẹ̀ jáde. Èèyàn méjì á jókòó sídìí kọ̀ǹpútà kan. Ọ̀kan á jẹ́ Ẹnu, èkejì á jẹ́ Ọwọ́. Ẹnu ló máa sọ ohun tí wọ́n máa ṣe, kò gbọdọ̀ fara kan kíbọ́ọ̀dù. Ọwọ́ ló máa tẹ̀ ẹ́, kò gbọdọ̀ jiyàn.

“Bí nǹkan bá bàjẹ́, Ẹnu ló ni ín,” ni Fọwọ́bà-á wí. “Ọwọ́ ò jẹ̀bi. Bẹ́ẹ̀ lẹ ṣe máa kọ́ bí wọ́n ṣe ń sọ ohun tó wà lọ́kàn ẹni kó yé ẹlòmíì.”

Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í so wọ́n pọ̀ ní méjì-méjì. Ta ló so mọ́ Ìyá Kóòdù? Ẹ̀yin náà ti mọ̀.

Láàárọ̀, Ìyá Kóòdù ni Ẹnu, ó sì jayé orí ẹ̀. Kọ̀ǹpútà tirẹ̀ ni wọ́n ń lò. Ó ní kí Aláàpù tẹ ìlà kan, kó pa á rẹ́, kó tún un tẹ̀. Ìgbà mọ́kànlá.

“Kí ló ṣe é gan-an, ìyálé mi?” ni Aláàpù béèrè.

“Ọwọ́ kì í sọ̀rọ̀.”

Àwọn tó wà ní tábìlì ẹ̀gbẹ́ wọn bú sẹ́rìn-ín. Aláàpù náà rẹ́rìn-ín, àmọ́ ojú rẹ̀ pọ́n kankan. Ó tẹ̀ ẹ́ lẹ́ẹ̀kejìlá.

Nígbà tí wọ́n lọ jẹun ọ̀sán, ọ́fíìsì ìsàlẹ̀ pe Ìyá Kóòdù. Orúkọ aláìsàn kan há, kò ṣe é yọ, kò ṣe é tún ṣe. Ó dá nìkan jókòó nínú yàrá yẹn, ó wọ inú àkójọ gidi, èyí tí gbogbo ilé ìwòsàn ń lò, ó sì tú orúkọ náà sílẹ̀. Ìṣẹ́jú mẹ́rin. Ẹlòmíì ìbá fi gbogbo ọ̀sán yẹn làágùn. Ó jẹ búrẹ́dì rẹ̀ tán, ó nu ọwọ́, ó sì gbàgbé láti jáde kúrò níbẹ̀.

Ẹ tẹ́tí síbí dáadáa. Àkójọ gidi wà, ti ìdánwò náà wà, ìyẹn àdàkọ rẹ̀ tí wọ́n fi ń kọ́ṣẹ́, tí wọ́n lè bàjẹ́ bó ṣe wù wọ́n. Ojú méjèèjì ò yàtọ̀ síra. Torí ẹ̀ ni Ìyá Kóòdù fi ní àṣà kan tí kò sọ fún ẹnikẹ́ni. Lórí kọ̀ǹpútà tirẹ̀, ó fi ìlà pupa tẹ́ẹ́rẹ́ yí etí ti gidi ká, ó fi aláwọ̀ ewé yí ti ìdánwò ká. Ẹni tí kò bá mọ̀, á rò pé ọ̀ṣọ́ ni.

Wọ́n padà dé. Ó wá kan Aláàpù láti jẹ́ Ẹnu, Ìyá Kóòdù di Ọwọ́. Iṣẹ́ tí Fọwọ́bà-á gbé fún wọn ni pé kí wọ́n pa gbogbo orúkọ inú àkójọ ìdánwò rẹ́, kí wọ́n sì fi kóòdù tuntun tí wọ́n kọ láàárọ̀ dá wọn padà.

Aláàpù jókòó, ó gbé ẹsẹ̀ lé ẹsẹ̀. “Ó yá, ìyálé mi. Ẹ ṣí àkójọ yẹn.”

“Ó wà ní ṣíṣí.”

“Ẹ kọ ọ́ pé kó pa gbogbo orúkọ rẹ́. Gbogbo ẹ̀ pátá o. Ẹ rọra máa tẹ̀ ẹ́, kò sẹ́ni tó ń lé yín.”

Ìyá Kóòdù kọ ọ́. Ó ku kó tẹ àtẹ̀kẹ́yìn ló gbójú sókè, ló bá rí i. Ìlà pupa.

Òun fúnra rẹ̀ ló ṣí i sílẹ̀. Gbólóhùn kan ló máa parí ẹ̀: “Dúró ná, èyí kì í ṣe ti ìdánwò.” Ṣé ó ṣòro? Kò ṣòro. Àmọ́ tó bá sọ ọ́, gbogbo yàrá á mọ̀ pé ó gbàgbé, Aláàpù á sì fi ohùn oyin yẹn ní, “Háà, ìyálé mi, ẹ gbàgbé ni?” Ó wo ọmọ náà, tó ń yọ ìdọ̀tí èékánná. Bí nǹkan bá bàjẹ́, Ẹnu ló ni ín. Ìkà lèrò yẹn, ó mọ̀ pé ìkà ni. Kí n má purọ́ fún yín, ó dùn mọ́ ọn nínú.

“Ṣé kí n tẹ̀ ẹ́?” ló béèrè. Ohùn pẹ̀lẹ́ ló fi béèrè, bí ẹni rere.

“Ẹ tẹ̀ ẹ́ jàre. Àbí ẹ̀rù ń bà yín ni?”

“Kọ̀ǹpútà ní ṣé ó dá wa lójú?”

“Ó dá mi lójú! Ṣé bí wọ́n ṣe ń bẹ̀rù kọ̀ǹpútà láyé yín nìyẹn?”

Ìyá Kóòdù tẹ̀ ẹ́.

Kò pé ìṣẹ́jú márùn-ún tí fóònù bẹ̀rẹ̀ sí í dún, nísàlẹ̀, lórí tábìlì, nínú àpò. Akọ̀wé ilé ìwòsàn kan pariwo débi pé gbogbo yàrá ń gbọ́ ọ: “Ọkùnrin kan pọn bàbá ẹ̀ wá síbí! Ó ní láti oṣù mẹ́ta làwọn ti gba ọjọ́ òní! Ẹ̀rọ ní kò sórúkọ bàbá, kò sórúkọ ẹnikẹ́ni! Kí lẹ ṣe?”

Ti bàbá yẹn gún Ìyá Kóòdù lọ́kàn. Kò ro àwọn aláìsàn mọ́ ọn rárá, Aláàpù nìkan ló rò. Òun ló kọ́kọ́ dojú kọ kọ̀ǹpútà, ó fa àdàkọ ìpamọ́ tí ẹ̀rọ máa ń ṣe ní ìdájí jáde, ó sì dá orúkọ wọn padà láàárín ogójì ìṣẹ́jú. Àmọ́ àwọn tó forúkọ sílẹ̀ láti ìdájí wá, wọ́n ju ọ̀ọ́dúnrún lọ, tiwọn ti lọ nìyẹn.

Ọ̀gá gun òkè wá. Kò jókòó.

“Ta ló ṣe é?”

Aláàpù dìde. Ètè rẹ̀ ń gbọ̀n. “Èmi ni mo ní kí wọ́n tẹ̀ ẹ́, mà. Mo rò pé ti ìdánwò ni.”

“Òfin ẹ̀kọ́ wa ni pé Ọwọ́ ò jẹ̀bi, mà,” ni Fọwọ́bà-á yára sọ, òógùn ti bò ó.

Ọ̀gá kọjú sí Ìyá Kóòdù. “Ẹ̀yin ńkọ́, mà? Ẹ ò rí i pé ti gidi ni? Mo fẹ́ kọ ọ́ sílẹ̀. Tí ẹ bá ní ẹ ò rí i, ọ̀rọ̀ tiyín tán. N ò sì ní dúró de ọjọ́ Ẹtì mọ́, màá mú olórí báyìí.”

Ẹ ò rí i! Wọ́n ti bu ipò sínú àwo, wọ́n gbé e síwájú rẹ̀. Kó ṣáà ní “N ò rí i,” kó jókòó. Ìyá Kóòdù la ẹnu.

“Ẹ má yọ wọ́n lẹ́nu, mà,” ni Aláàpù wí. Ohùn rẹ̀ kún fún àánú. “Wọn ò lè rí i. Ìyálé mi ń gbìyànjú o, àmọ́ iṣẹ́ yìí ti yára jù fún wọn. Gbogbo wa la mọ̀, a kàn ń bò wọ́n láṣìírí ni. Wọn ò lè dá gidi mọ̀ yàtọ̀ sí ìdánwò mọ́. Ẹ̀bi mi ni, ǹ bá ti bá wọn wò ó.”

Ẹnì kan mi orí lẹ́yìn. Ẹlòmíì pòṣé àánú.

“Ẹ pẹ̀lẹ́, Màmá,” ni Fọwọ́bà-á wí.

Màmá!

“Ta ni kò lè rí i?” Ìyá Kóòdù ti dìde, àga ṣubú lẹ́yìn rẹ̀. “Ta ni? Ìwọ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ ní kóòdù lánàá òde yìí ni wàá máa bò mí láṣìírí? Ọdún mọ́kàndínlógún! Èmi ni mo fi ọwọ́ mi ya ìlà pupa yí i ká, kí n lè máa dá a mọ̀! Mo rí i! Kí o tó pa ẹnu ẹ dé ni mo ti rí i, mo sì tẹ̀ ẹ́!”

Aláàpù rọra jókòó, ó fa àga sún mọ́ tábìlì. Ètè rẹ̀ ò gbọ̀n mọ́.

Ọ̀gá ṣí bíírò rẹ̀, ó fa ojú ewé kan ya nínú ìwé ọwọ́ rẹ̀, ó sì gbé méjèèjì síwájú Ìyá Kóòdù.

“Gbogbo páásíwọ́ọ̀dù tó wà lọ́wọ́ yín, mà,” ló wí. “Ẹ kọ ọ́ fún Aláàpù, òun lolórí báyìí, kí ẹ tó máa lọ sílé.”

Ìyá Kóòdù gbé àga rẹ̀ dìde nílẹ̀, ó jókòó, ó kọ ọ́. Kò tó ìdajì ojú ewé.