Eérú Ìdí Ìkòkò Ọtí

Èmi ni mo kọ ọ́ síbẹ̀, n kò ní purọ́. Fọ́ọ̀mù ìrìn-àjò tí Olivia fi ránṣẹ́ sí wa béèrè orúkọ, ọjọ́ orí, oúnjẹ tí kì í bá wa lára mu, àti iṣẹ́. Níwájú orúkọ Màámi, níbi iṣẹ́, mo kọ "kò sí". Wọ́n jókòó tì mí nínú ilé wa ní Sharpstown, ní Houston, nígbà náà, wọ́n ń bó ọsàn.

"Èyítáyọ̀, kí lo kọ síwájú orúkọ mi yẹn?"

"Occupation ni wọ́n béèrè, Màámi. Mo ní ẹ kì í ṣe nǹkan kan."

 Wọ́n bó ọsàn náà tán, wọn kò sì jẹ ẹ́.

Ẹ jẹ́ kí n tètè ṣàlàyé, kí ẹ má baà pè mí ní ọmọ burúkú. Ogójì ọdún ni Màámi fi ṣe aláró ní Kẹ́mta, l'Abẹ́òkúta. Aró yẹn ló rán èmi àti ẹ̀gbọ́n mi, Olúsọjí, lọ sí yunifásítì. Ọdún mẹ́ta sẹ́yìn la mú wọn wá sí Houston. Lọ́dún tó kọjá, wọ́n ní àwọn fẹ́ rẹ aró díẹ̀ lẹ́yìn ilé Olúsọjí ní Richmond, lẹ́bàá Houston. Olúsọjí ra èlú gbígbẹ lórí íńtánẹ́ẹ̀tì, ó gbọ́n eérú inú irin tó fi ń sun ẹran fún wọn, Màámi sì po gbogbo rẹ̀ pọ̀ sínú ike ńlá kan. Nígbà tó pé ọjọ́ méje, aṣọ funfun tí wọ́n rì bọ inú rẹ̀ jáde bí omi tí wọ́n fi fọ àwo. Olúsọjí bú sẹ́rìn-ín, ó ní, "Màámi, ọwọ́ yín ti gbàgbé iṣẹ́ o. Ẹ jókòó jẹ́jẹ́, kẹ́ ẹ máa jayé orí yín, abeg." Ìyàwó rẹ̀ rẹ́rìn-ín. Èmi náà rẹ́rìn-ín.

Màámi da aró náà nù, wọn kò sì dárúkọ rẹ̀ mọ́. Bí ẹnikẹ́ni ní ṣọ́ọ̀ṣì bá béèrè, wọ́n á na ọwọ́ méjèèjì síwájú, wọ́n á wò ó bí ẹni ń wo ọwọ́ ẹlòmíràn, wọ́n á ní, "Àwọn wọ̀nyí? Wọ́n ti gbàgbé." Mo gba ọ̀rọ̀ náà gbọ́. Ìdí nìyẹn tí mo fi kọ "kò sí".

Olivia ni aládùúgbò wa, ilẹ̀kùn rẹ̀ ló kọjú sí tiwa. Ọmọ Zapotec ni, àwọn tí ìlú wọn wà ní Oaxaca lórílẹ̀-èdè Mẹ́síkò. Ó fẹ́ máa kó àwọn ará Houston lọ sí ìlú wọn fún ọjọ́ kan: kí wọ́n fi ọwọ́ ara wọn rẹ òwú láró lọ́dọ̀ ìyá rẹ̀, kí wọ́n wo bí wọ́n ṣe ń pọn ọtí ìbílẹ̀ wọn, kí wọ́n sì wo àwókù ààfin àwọn baba ńlá wọn. Àwa mẹ́jọ la kọ́kọ́ tẹ̀ lé e. Màámi ní àwọn kò lọ. Èmi ni mo wọ́ wọn lọ, mo ní ó sàn ju kí wọ́n jókòó ti tẹlifíṣọ̀n.

Aago mẹ́jọ àárọ̀ la wọ àgbàlá ìyá Olivia ní Oaxaca. Òfì ńlá méjì wà níbẹ̀, òwú irun àgùntàn pupa àti yẹ́lò sì wà lórí okùn, wọ́n ń gbẹ. Lẹ́yìn ilé ni ìkòkò aró wà. Màmá Olivia kí wa ní èdè wọn, Olivia sọ ọ́ ní Gẹ̀ẹ́sì, mo sọ ọ́ fún Màámi ní Yorùbá. Gbogbo wa gbé ìborùn funfun tí wọ́n pín fún wa lọ́wọ́, a ń retí. Olivia ri ìdì òwú kan sínú ìkòkò, ó gbé e sókè. Ó rí ràkọ̀ràkọ̀, kò dúdú, kò funfun. Ojú Olivia yí padà. Ìyá rẹ̀ ti ṣàìsàn fún ọ̀sẹ̀ kan gbáko, kò sì sí ẹni tó tọ́jú ìkòkò náà.

"I'm so sorry," ló ń sọ fún wa. "It's dead. You can just watch the weaving."

Màámi wà lẹ́yìn gbogbo wa, wọ́n fi báàgì há abíyá. Mo rí i tí imú wọn ń ṣiṣẹ́. Kí n tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, wọ́n ti là wá kọjá, wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sórí ìkòkò, wọ́n ti ti ìka bọ inú rẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ mọ iṣẹ́ mi á mọ ohun tó ṣe mí. Iléeṣẹ́ kẹ́míkà ni mò ń bá ṣiṣẹ́ ní Deer Park, níbi tí a ti ń yẹ omi wò kí ó má baà pa ènìyàn. Ọdún mẹ́sàn-án ni mo ti fi ń kọ́ àwọn géńdé ọkùnrin pé kí wọ́n má fi nǹkan tí wọn kò mọ̀ kan ẹnu.

"Màámi! Ẹ má tọ́ ọ wò! Poison ni o!"

Wọ́n ti lá a. Wọ́n tu itọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. "Ó ti kan," ni wọ́n sọ.

Màmá Olivia wò wọ́n. Òun náà ti ìka bọ ìkòkò, ó lá a, ó tu ú dànù, ó sì mi orí. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló sọ. Olivia ní, "My mom says it's sour."

N kò tíì túmọ̀ ohun tí Màámi sọ fún ẹnikẹ́ni.

"Aró gidi kì í kan," Màámi ní, wọ́n sì ti kọjú sí obìnrin náà bí ẹni pé ọmọ Kẹ́mta ni. "Ṣe ló máa ń ta ahọ́n. Eérú ló ń wá. Èyítáyọ̀, bi wọ́n bóyá eérú wà nílé."

Kò sí. Gáàsì ni Màmá Olivia fi ń dáná. Màámi nu ìka wọn, wọ́n sì fẹ́ padà sẹ́yìn, àfi ìgbà tí Olivia ní ibi ìpọntí tí a fẹ́ lọ kò jìnnà, igi ni wọ́n sì fi ń dáná níbẹ̀.

 Màámi fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́. "N ó gbìyànjú ẹ̀. Ṣùgbọ́n tí kò bá mú, kí ẹnikẹ́ni nínú yín má dárúkọ aró sí mi létí mọ́ títí n ó fi kú. Kí n gbà pé òótọ́ ni Olúsọjí sọ."  Mo fẹ́ sọ pé kí wọ́n fi sílẹ̀, pé kò tọ́ sí wàhálà, ṣùgbọ́n wọ́n ti kọ́kọ́ wọ ọkọ̀.

Níbi ìpọntí, wọ́n fi ihò tí wọ́n ti ń sun ọkàn ewéko ẹlẹ́gùn-ún kan tí wọ́n ń pè ní agave hàn wá. Ọkàn náà tóbi tó àgbá, ó ń rùn bí iṣu tó jóná sínú oyin. Ẹṣin ló ń fa òkúta tí wọ́n fi ń lọ̀ ọ́, lẹ́yìn náà ni wọ́n á sè é nínú ìkòkò amọ̀, tí ooru rẹ̀ á máa di omi kán sínú ìgò. Mezcal ni wọ́n ń pè é. Màámi wò ó lẹ́ẹ̀kan péré.

"Ògógóró ni," wọ́n ní. Ọmọ Aládùúrà ni wọ́n, wọn kì í mu ọtí, nítorí náà ọ̀rọ̀ ibẹ̀ parí fún wọn.

Onílé da díẹ̀ sílẹ̀ fún ilẹ̀ ná, ó wá bu fún wa. Àwa ń tọ́ ọtí wò, à ń pa ojú dé, à ń wú ikọ́. Ìyá mi bẹ̀rẹ̀ sí ìdí ìkòkò ọtí, wọ́n tú gèlè orí wọn, wọ́n ń fi jọ eérú. Nígbà tí mo dé ọ̀dọ̀ wọn, wọ́n ń fi ìka pa á, wọ́n ń fẹ́ atẹ́gùn sí i.

"Wo bó ṣe funfun tó lẹ́búlẹ́bú. Èyítáyọ̀, irú eérú wo lẹ fún mi ní Richmond?"

"Èyí tó wà nínú grill ni, Màámi. Charcoal inú báàgì tí Brother mi rà."

"Ṣé igi ni?"

Mo dúró pẹ̀lú ife ọtí lọ́wọ́. Èédú tí wọ́n fi ẹ̀rọ tẹ̀ ni, tí wọ́n po oríṣiríṣi mọ́, tí Olúsọjí tún tú epo lé lórí kó lè tètè ràn. Èmi tí wọ́n ń sanwó fún láti mọ ohun tó wà nínú nǹkan, mo wo eérú yẹn lọ́dún tó kọjá, mo sì fi ìyá mi rẹ́rìn-ín.

"Kì í ṣe igi, Màámi."

"Hẹ̀n-ẹ́n," ni wọ́n sọ, wọ́n sì ń bá eérú wọn lọ. Ì bá sàn kí wọ́n gbá mi létí. Ojú tì mí débi pé mo gbé ife kalẹ̀, mo bẹ̀rẹ̀, mo bá wọn jọ eérú.

Onílé fún wa ní omi gbígbóná. Màámi di eérú sínú apẹ̀rẹ̀ tí wọ́n tẹ́ aṣọ sí, wọ́n ń da omi lé e díẹ̀díẹ̀ títí tó fi sẹ̀ sísàlẹ̀, pupa rẹ́súrẹ́sú, tó ń yọ̀ lọ́wọ́. Wọ́n tọ́ ọ wò, ojú wọn fún pọ̀, wọ́n sì rẹ́rìn-ín. Olivia wa ọkọ̀ padà sílé kíákíá. Màámi ń bu omi eérú sínú ìkòkò, wọ́n ń tọ́ ọ wò, wọ́n tún ń bù ú. Màmá Olivia náà ń tọ́ tirẹ̀ wò. Nígbà tí àwọn méjèèjì jọ mi orí pé ó ti tó, wọ́n fi bùláńkẹ́ẹ̀tì we ìkòkò náà bí ọmọ tuntun. Màámi gbé ọwọ́ lé e.

"Agbe ló ni aró, kì í ráhùn aró. Jésù, má jẹ̀ẹ́ kí n ráhùn lónìí."

Àwókù ààfin la lọ lẹ́yìn náà, kí aró lè sinmi. N kò lè sọ pé mo gbádùn rẹ̀ bó ṣe yẹ, nítorí gbogbo ìṣẹ́jú márùn-ún ni Màámi ń béèrè aago lọ́wọ́ mi. Síbẹ̀, ògiri wọ̀nyẹn! Òkúta kéékèèké ni wọ́n gé, wọ́n tò ó mọ́ra láìlo sìmẹ́ńtì, ó wọ́ kọ́rọkọ̀rọ bí iṣẹ́ ara aṣọ láti òkè dé ilẹ̀. Olivia ní irú iṣẹ́ yìí gan-an ni ìyá òun ń hun sára ẹní títí dòní. Màámi fi ìka tọ ojú òkúta náà lọ, wọ́n dé ìparí rẹ̀, wọ́n tún tọ ọ́ padà.

"Ilé ló wó," wọ́n ní, "ọwọ́ wọn kò wó." Wọ́n tún bi mí pé aago mélòó ló lù.

Aago márùn-ún kọjá nígbà tí a padà. Màmá Olivia ṣí bùláńkẹ́ẹ̀tì. Ìfófòó aláró ti bo ojú ìkòkò, ó ń dán, òórùn rẹ̀ sì gbá wa nímú débi pé ẹnìkan nínú wa sá sẹ́yìn. Màámi kò sún mọ́ ọn. Ìyá Olivia fi ọwọ́ méjèèjì gbé ìborùn funfun kan fún wọn, ó sì kúrò lójú ọ̀nà.

Wọ́n rì í. Wọ́n kọ orin ṣọ́ọ̀ṣì kan lábẹ́lẹ̀, ẹsẹ kan, ìkejì. Wọ́n gbé e sókè.

"Oh," ọ̀gbẹ́ni kan ní, "it's green."

Ewé ló rí lóòótọ́, ewé tó ń pọ́n.  Mo fẹ́ sáré gbá wọn mọ́ra kí wọ́n tó rí i. Màmá Olivia ló kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Atẹ́gùn fẹ́ sí ìborùn náà, etí rẹ̀ sì bẹ̀rẹ̀ sí í dúdú, àwọ̀ aró ń ti etí bọ̀ wá sí àárín, ó ń gbé ewé náà mì, títí gbogbo rẹ̀ fi di aró, aró tó jìn, aró Kẹ́mta gan-an, irú èyí tí mo fi ṣe ìró ọjọ́ tí mo jáde ìwé mẹ́wàá.

Mo kígbe. N kò mọ ohun tí mo sọ. Olivia ń sunkún, àwọn tó kù ń pàtẹ́wọ́, àwọn ìyá méjèèjì sì di ara wọn lápá, wọ́n ń fò sókè bí ọmọdé.

"Ó yá! Ẹ kó tiyín wá!" Màámi pàṣẹ fún àwọn ará Houston ní Yorùbá, kò sì sí ẹni tó béèrè ìtumọ̀. Ọ̀gbẹ́ni yẹn fẹ́ fún tirẹ̀ gbẹ. "Má fún un! Ṣé ṣòkòtò lò ń fọ̀ ni?" Ó fi í sílẹ̀ lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Nígbà tó kàn mí, wọ́n di ọwọ́ mi mú, wọ́n bá mi rì í. Mo ní, "Màámi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ forí jì mí." Wọ́n ní kí n gbájú mọ́ aṣọ.

Wọ́n ní kí n pe Olúsọjí lórí fídíò. Wọ́n na ọwọ́ méjèèjì sójú fóònù, aró dé ìgbọ̀nwọ́.

"Ah! Màámi! Kí lẹ fi ṣe é?"

"Eérú igi ni. Lọ wá igi sílẹ̀ dè mí, n ó dé lọ́la."

Aró kì í ṣí lára bọ̀rọ̀. Lọ́jọ́ kejì, ní pápákọ̀ òfuurufú Houston, ọmọkùnrin tó ń yẹ ìwé ìrìnnà wò ní kí Màámi gbé ìka mẹ́rin lé gíláàsì. Ó rí èékánná wọn, ó dáwọ́ dúró.

"Ma'am, what happened to your hands?"

Mo la ẹnu láti bá wọn dáhùn, bí mo ti máa ń ṣe láti ọdún mẹ́ta. Màámi gbé ọwọ́ aláró kan sókè sí mi, láìwò mí.

"Nothing happen, my son," ni wọ́n sọ fún un. "It is my work."

Wọ́n gbé ìka wọn lé gíláàsì. Mo pa ẹnu mi dé.