Sátidé Ni Ẹdun Ń Jáde

Ó ti rẹ Leah, àárẹ̀ tí oorun lè wò kọ́. Láti ìbẹ̀rẹ̀ ẹ̀ẹ̀rùn ló ti ń gbé kámẹ́rà kiri inú igbó tó kù lẹ́yìn Ìkẹ́nnẹ́, tó fẹ́ fi fíìmù gba igbó náà sílẹ̀, kùkùté nìkan ló sì ń rí yà. Ìgbìmọ̀ ìjọba ń bọ̀ ní gbọ̀ngàn ìlú lọ́jọ́ Ajé. Bí wọn ò bá rí àwòrán ẹranko kankan, wọn á ní igbó ti ṣófo, wọn á gbé e fún Alàgbà Kọ́mọláfẹ́, oní-sọ́míìlì tó ti ń gé igi níbẹ̀. Ibẹ̀ gan-an lọ̀rọ̀ ti ń dun Leah: ìjọ kan náà ni wọ́n jọ ń lọ, ìjọ tó ń pa Sábáàtì mọ́, alàgbà yìí ló sì gbé e síwájú Ọlọ́run nígbà tó wà lọ́mọ ọwọ́. Bí a bá sọ̀kò sọ́jà, ará ilé ẹni ní í bá.

Bàbá Àjàyí, ọdẹ tó ti fi ìbọn sílẹ̀, ló là á lóye.

“Ọmọ mi, ẹdun ṣì wà níbẹ̀. Ìwọ ni o kì í wá lọ́jọ́ tí wọ́n ń jáde. Ẹ̀rọ agégi ò jẹ́ kí wọ́n gbádùn. Sátidé tí Kọ́mọláfẹ́ kì í ṣiṣẹ́ nìkan ni wọ́n ń sọ̀ kalẹ̀ wá mumi.”

“Bàbá, ẹ mọ̀ pé èmi náà kì í ṣiṣẹ́ ní Sátidé.”

“Èmi mọ̀. Ẹdun ni kò mọ̀.”

Leah fẹ́rẹ̀ẹ́ sunkún. Nílé wọn, kí oòrùn Fúráìdé tó wọ̀, ìyá rẹ̀ á ti se oúnjẹ ọjọ́ kejì, á ti lọ aṣọ ṣọ́ọ̀ṣì. Leah pàápàá á ti ti kámẹ́rà mọ́nú àpótí. Inú bí i sí Ọlọ́run díẹ̀. Nínú gbogbo ọjọ́ tó wà lọ́sẹ̀, ṣé ọjọ́ tirẹ̀ náà ló rí fún àwọn ẹdun yìí?

Ní Sátidé, ó parọ́ àìsàn fún ìyá rẹ̀, ó wọ igbó lọ. Gbogbo ibẹ̀ pa rọ́rọ́. Kò pẹ́ tí ẹ̀ka igi bẹ̀rẹ̀ sí í mì létí odò, ẹdun kan yọ, òmíràn tẹ̀ lé e, ọmọ dì mọ́ ọn níkùn. Inú Leah dùn, ó sì bà jẹ́ lẹ́ẹ̀kan náà. Ó tẹ kámẹ́rà.

Lọ́jọ́ Ajé, ariwo sọ nígbà tí ẹdun yọ lára ògiri gbọ̀ngàn. Ìyá Leah, tó wá wo iṣẹ́ ọmọ rẹ̀, ló pàtẹ́wọ́ jù. Alàgbà Kọ́mọláfẹ́ dìde.

“Àwọn òṣìṣẹ́ mi ń wọ igbó yìí, wọn ò rí ẹdun kankan rí. Igbó ibòmíràn lèyí. Leah, ọjọ́ wo lo yà á?”

Bó bá ní Fúráìdé, àwọn òṣìṣẹ́ á já a nírọ́, fíìmù á di ayédèrú. Òótọ́ nìkan ló kù, òótọ́ ọ̀hún sì korò.

“Sátidé tó kọjá ni, sà, nígbà tí ẹ wà ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ọjọ́ yẹn nìkan lẹ̀rọ yín ń sinmi.”

Alàgbà jókòó. Alága ìgbìmọ̀ ní kí ẹnikẹ́ni má gé igi kan mọ́ níbẹ̀. Àwọn èèyàn hó yèè.

Ìyá Leah kò hó. Ó gbé báàgì rẹ̀, ó wá bá ọmọ rẹ̀ níwájú.

“Mo ní kí gbogbo ìjọ dìde lọ́jọ́ náà,” ó ní, “kí wọ́n bá mi gbàdúrà ìwòsàn fún ọ.”

Ó jáde lọ.