Dọ́là Mẹ́fà Ààbọ̀

Ohun tó ń bẹ lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Verlin Haugstad kò tíì mọ̀ bẹ́ẹ̀ lọ́jọ́ tó wọ ọ́fíìsì owó ní ilé iṣẹ́ tákàdá, níbi tí wọ́n ti ń sọ igi di ìwé, tó bọ́ fìlà, tó gbọn yìnyín ara rẹ̀ dànù, tó sì dúró níwájú fèrèsé Màmá Brandvold. Nǹkan kan ló fẹ́ mọ̀. Nínú irínwó dọ́là ó lé ogún tí wọ́n ní àwọn yóò máa san fún un lọ́sẹ̀, èló ni yóò délé? Iye tí wọ́n pè fúnni kọ́ ni iye tí ń wọ àpò ẹni. Ìjọba àpapọ̀ á gé tirẹ̀, ìpínlẹ̀ Wisconsin á gé tirẹ̀, owó ọjọ́ ogbó á gé tirẹ̀, ohun tó bá ṣẹ́kù ni ìyàwó ń fi ra búrẹ́dì.

Ọdún méjì ṣáájú ni báńkì ti gba oko bàbá rẹ̀, tí wọ́n lu màlúù wọn ní gbàǹjo. Láti ìgbà náà, igi ló ń gé nínú igbó, iṣẹ́ tí ń jẹ ìka ọwọ́ ọkùnrin. Bí owó tákàdá bá ká owó ilé, ó ti dágbére fún igbó nìyẹn.

Ọdún kọkànlélọ́gbọ̀n rèé tí Màmá Brandvold ti ń jókòó lẹ́yìn fèrèsé náà. Ottilie lorúkọ rẹ̀, onírúlà-gbọọrọ, oníka-tútù-bí-omi-kànga, ẹni tó mọ iye tó wà lápò ọkùnrin kí ìyàwó rẹ̀ tó mọ̀ ọ́n. Kì í rẹ́rìn-ín, kì í sì í kanra.

"Ẹ̀yin mélòó lẹ wà nílé?"

"Mẹ́rin, Mà. Èmi, Marlys ìyàwó mi, Curtis, àti Jolene."

Ó ṣí ìwé ńlá tí ìjọba ń tẹ̀ lọ́dọọdún. Lápá òsì ni iye owó iṣẹ́ tò sí ní ìlà-ìlà. Lókè ni iye ènìyàn inú ilé tò sí ní òpó-òpó, láti òdo títí dé mẹ́wàá. Bí ẹnu tí ènìyàn ń bọ́ bá ṣe ń pọ̀ sí i ni owó orí ṣe ń dín kù. Ó tẹ́ rúlà sí ìlà kan, ìka rẹ̀ sì bẹ̀rẹ̀ sí í rìn láti òpó dé òpó. Verlin ń wo yìnyín níta, kò wo ibi tí ìka náà dúró sí. Ohun tó kàn rí ni pẹ́ńsù tó ń rìn, àti ìwé pélébé tí wọ́n tì sí i lábẹ́ gíláàsì: 344.86.

Ó ṣe é ní ìlọ́po mẹ́rin lọ́kàn ara rẹ̀, fún ọ̀sẹ̀ mẹ́rin inú oṣù. Ó ká owó ilé. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ fò sókè.

Ṣùgbọ́n Marlys kì í gba ìṣirò ẹnikẹ́ni gbọ́, ìbáà ṣe ti pásítọ̀. Ó ti gba ìwé owó orí kan náà lọ́fẹ̀ẹ́ ní pósọ́fíìsì. Bí wọ́n ṣe jẹun alẹ́ tán, ó nu tábìlì, ó ṣí ìwé náà, ó ń yọ owó orí kúrò lọ́kọ̀ọ̀kan. Ìgbà tó ṣe, ó wo ọkọ rẹ̀ láti òkè délẹ̀.

"Bàbá Curtis, kí ló wà láàárín ìwọ àti ìyá arúgbó yẹn?"

"Kí ló dé?"

"Ó fẹ́ràn ẹ ni o! Ó fi dọ́là mẹ́fà ààbọ̀ ta ẹ́ lọ́rẹ. 338.36 ló yẹ kó kọ. Òpó ènìyàn mẹ́rin nìyí. Ohun tó kọ fún ẹ, òpó àárùn-ún ló wà."

Verlin bú sẹ́rìn-ín. "Bóyá ó ti gbọ́ pé ìyá ẹ ń kó bọ̀."

"Ìyá mi? Kó wá máa sùn síbi tí o ti ń han-anrun bí ayùn? Láéláé!"

Wọ́n rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú wọn. Lẹ́yìn náà, Marlys pa ìwé dé, ẹ̀rín sì tán. Àwọn méjèèjì ló mọ̀ pé ọmọ kò tún lè ti ara rẹ̀ jáde mọ́. Láti ọjọ́ tó ti bí Jolene ni àwọn dókítà ti gbé ilé ọmọ náà kúrò.

Lọ́jọ́ kejì, ọjọ́ Jímọ̀, Verlin pàdé Duane Pocius níbi tó ti ń ra epo sọ́kọ̀. Duane ti lo ọdún méjìlá ní ilé iṣẹ́ tákàdá, aláwàdà ni, ẹnu rẹ̀ kì í sinmi. Verlin sọ ọ̀rọ̀ dọ́là mẹ́fà ààbọ̀ fún un bí ẹni ń sọ àpárá. Duane kò rẹ́rìn-ín. Ó so páìpù epo kọ́.

"Òpó mélòó lo ní ó kà fún ẹ?"

"Márùn-ún. Mẹ́rin la sì jẹ́. Ojú ìyá yẹn ti ń ṣú."

"Ojú ta ló ń ṣú? Verlin, gbọ́. Ìyá yẹn kì í ṣi ìyọkúrò. Òpó lèèyàn máa ń rò pé ó ṣì. Kò sì tíì ṣì í rí."

"Kí ni ìyẹn túmọ̀ sí?"

"Nígbà tí mo débẹ̀, mẹ́ta la jẹ́ nílé. Ó ka márùn-ún fún mi. Mo bínú, mo ní ṣé mo jọ olè tí ń fi ọmọ tí kò bí yọ owó ìjọba ni. Oṣù keje ọdún yẹn, Darla bí ìbejì."

"Ìyẹn dáa."

"Ó dáa. Lyle Sather ńkọ́? Mẹ́fà ni tirẹ̀, ó ka márùn-ún. Lyle ní kó tún un kà. Ó tún un kà lójú wa, ìka ẹ̀ tún dúró síbì kan náà. Kí yìnyín tó yọ́, adágún ti gbé ọmọ Lyle lọ." Duane wọ ìbọ̀wọ́ rẹ̀. "Àwa, a kì í bẹ̀ ẹ́ ní ìṣirò mọ́. Owó tó bá wọlé, a gbà á bẹ́ẹ̀. Kò sẹ́ni tó sọ fún ẹ ni?"

Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́ ká gbọ́ ọ̀rọ̀ tí yóò sọ oúnjẹ di òkúta lẹ́nu wa. Verlin kò lè jẹun lálẹ́ ọjọ́ náà. Ó ròyìn fún Marlys, ó ní òun ò gba ìsọkúsọ Duane gbọ́, ṣùgbọ́n ó ń ka àwo orí tábìlì: ọ̀kan, méjì, mẹ́ta, mẹ́rin. Ilẹ̀ mọ́ ní Sátidé, ó sì bá Marlys ní kíṣìnì tó dúró síwájú fírísà, tó ń wo àwòrán kan tó ti pẹ́ níbẹ̀. Àwòrán ọjọ́ ìtẹ̀bọmi ni. Marlys ló gbé ọmọ ọwọ́, Verlin dúró tì í pẹ̀lú táì tó há a lọ́rùn.

"Mo ti ń rò ó láti àná," ni Marlys wí, ohùn rẹ̀ wálẹ̀. "Ẹni tí ó kà kò ní ti inú mi wá. Ọmọ tó ti wà nílẹ̀ ni. Ọmọ ta ló lè di tiwa?"

Verlin wo àwòrán náà. Twyla ni, ọmọ Leatrice, àbúrò rẹ̀ obìnrin kan ṣoṣo. Baba ọmọ náà ti bá ọ̀nà lọ. Verlin àti Marlys ni wọ́n dúró fún un níwájú omi, tí wọ́n jẹ́ ẹ̀jẹ́ níṣojú ìjọ pé bí ohunkóhun bá ṣe ìyá rẹ̀, àwọn ni ìyá, àwọn ni baba.

Kí ọmọ náà tó di tiwọn, kí ni yóò ti ṣe ìyá rẹ̀?

Ọdún méjì ni òun àti Leatrice kò ti sọ̀rọ̀. Lọ́jọ́ gbàǹjo, Leatrice ní Verlin ló fi ọtí àti agídí gbé oko bàbá àwọn mì. Verlin náà sì ní kó má ṣe jẹ́ kí òun gbọ́ ohùn rẹ̀ mọ́ láyé. A kì í bínú orí ká fi fìlà dé ìbàdí, ṣùgbọ́n Verlin ti dé e síbẹ̀, ó sì ti ń fi rìn kiri.

Ó gbé fóònù. Ó dún lọ́hùn-ún, ó dún, ó dún. Aago mẹ́sàn-án àárọ̀ Sátidé, yìnyín ti dí gbogbo ọ̀nà, níbo ni Leatrice lè lọ? Ó tún un pè. Ó ń dún bí agogo inú ilé tí kò séèyàn.

"Gbé kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀," ni Marlys wí.

Ogójì máìlì ni. Verlin kò gbàdúrà rí láti ọjọ́ gbàǹjo, ṣùgbọ́n lọ́nà ọjọ́ yẹn, ẹnu rẹ̀ kò pa dé. Atẹ́rẹrẹ-káyé, Ọba tó mọ iye irun orí, má ka ti Leatrice kúrò. Bí ìwé bá tiẹ̀ ti kà á kúrò, Ìwọ ni o ni ìwé. Gbogbo pápá funfun lọ súà, kò sí ẹyẹ, kò sí ẹsẹ̀ ẹranko, bí ojú ewé tí wọn kò tíì kọ iye kankan sí.

Nígbà tó dé, ilé Leatrice dákẹ́. Yìnyín ti gun ògiri dé ìdajì fèrèsé. Ajá wọn wà níta, ó ń fi èékánná họ ilẹ̀kùn, kò sì gbó. Páìpù tí èéfín ẹ̀rọ amúlémóoru ń gbà jáde lára ògiri ti wọ inú yìnyín pátápátá, májèlé èéfín náà sì ti yí padà sínú ilé. Verlin fi èjìká já ilẹ̀kùn. Ooru inú ilé náà kọ lù ú, ooru tó nípọn, tí kò ní òórùn kankan.

Twyla nà sórí àga gbọọrọ nínú aṣọ ìsùn, ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ pọ́n wẹ̀ bí ẹni ara rẹ̀ le jù lọ láyé. Leatrice jókòó nídìí tábìlì, ó gbórí lé apá. Abẹ́ ọwọ́ rẹ̀ ni ìwé ilé ìwé ọmọ náà wà, èyí tí òbí máa ń kọ. *Ta ni kí a ké sí bí nǹkan bá ṣẹlẹ̀?* Ó ti kọ "Verlin Haug", bírò sì ti yọ̀ bọ́ síbẹ̀.

Verlin gbé ọmọ jù sínú yìnyín. Ó padà, ó wọ́ ìyá jáde ní apá. Ó ń gbá wọn lójú, ó ń sunkún, ó ń bú wọn. "Leatrice! Olórí kunkun! Dìde kí o bú mi! Mo ní kí o bú mi!" Ọmọ ló kọ́kọ́ húkọ́. Ó pẹ́ kí ìyá tó mí.

Àwọn méjèèjì yè. Twyla ń sáré láàárín ọjọ́ mẹ́ta. Ṣùgbọ́n afẹ́fẹ́ burúkú náà ti pẹ́ lórí Leatrice. Kò rántí orúkọ oṣù, ṣíbí ń bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Àwọn dókítà gbé e lọ sílé ìtọ́jú ní Duluth, wọ́n ní ó lè padà bọ̀ sípò, ó sì lè máà padà. Ọ̀rọ̀ tó kọ́kọ́ sọ délẹ̀ ni pé, "Kọ ọmọ náà mọ́ ara yín ná, ẹ̀gbọ́n mi. Ná ni mo wí o."

Bẹ́ẹ̀ ni Twyla gbé àpò kékeré rẹ̀ wá, tí àwo di márùn-ún lórí tábìlì. Nígbà tí Verlin bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní oṣù Fẹ́búárì, márùn-ún ló kọ sínú fọ́ọ̀mù. Ní Jímọ̀ àkọ́kọ́, ó já àpò owó rẹ̀ níwájú fèrèsé: 344.86. Kò lé ní sẹ́ǹtì kan, kò dín ní sẹ́ǹtì kan.

"Ṣé ó pé?" ni Màmá Brandvold bi í, láìgbójú sókè.

"Ó pé, Mà." Kò lè kúrò níbẹ̀. "Mà, bí mi ò bá lọ lọ́jọ́ yẹn ńkọ́?"

Ìyá náà tún rúlà rẹ̀ tò kó bá etí ìwé mu.

"Iye kan náà ni ì bá jẹ́," ó ní. "Ìwé yìí, ẹni tó ń jẹun ló ń kà. Kì í ka ẹni tó ń sunkún."

Láti ọjọ́ náà ni Verlin Haugstad ti di ọkùnrin kan ṣoṣo nílùú náà tó ń gbàdúrà kí owó òun dín kù. Ní gbogbo ọjọ́ Àìkú, á wa ọkọ̀ lọ sí Duluth. Leatrice á máa kọ́ bí wọ́n ṣe ń de okùn bàtà, òun á sì máa fi í ṣẹ̀fẹ̀ pé Twyla ti kọjá kíláàsì yẹn. Leatrice á ju tìmùtìmù lù ú. Oṣù mẹ́ta ni tìmùtìmù náà ń tàsé. Nígbà tó di oṣù Kẹsàn-án, ó bà á lójú gan-an, Verlin sì rẹ́rìn-ín títí nọ́ọ̀sì fi wọlé.

Ọ̀sẹ̀ tí Leatrice padà sílé, tí Twyla gbé àpò rẹ̀ tẹ̀ lé e, Verlin mú fọ́ọ̀mù tuntun lọ sí fèrèsé. Mẹ́rin ló kọ. Lẹ́yìn náà, ó ṣe ohun tí kò sẹ́ni tó jẹ́ ṣe nílé iṣẹ́ náà mọ́.

"Mà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi ṣírò ohun tí yóò máa délé."

Màmá Brandvold wò ó fún ìgbà àkọ́kọ́. Ó ṣí ìwé, ó tẹ́ rúlà. Lọ́tẹ̀ yìí, Verlin kò wo ìta. Ìka tútù náà gbéra láti òdo. Ó kọjá ọ̀kan, ó kọjá èjì, ó kọjá ẹ̀ta. Ó dé ẹ̀rin, ó gbọ̀n díẹ̀ bí ewé orí omi, ó sì dúró.

"338.36," ni ìyá náà wí.

Verlin gbé ojú lé dígí fèrèsé náà, ó ń sunkún ayọ̀ nítorí dọ́là mẹ́fà ààbọ̀ tó lọ. Àwọn tó tò sẹ́yìn rẹ̀ ń wo ara wọn. Màmá Brandvold pa ìwé náà dé, ó gbé ọwọ́ lé e.

Verlin kò bi í léèrè ti ọdún tó ń bọ̀.