Ẹjọ́ Tí A Parí Nílé

Bí ẹnikẹ́ni bá sọ fún yín pé ọ̀rọ̀ tí wọ́n parí nílé ti parí, ẹ kọ́kọ́ bi í pé ilé ta ni. Ilé Bàbá Lìádì ni wọ́n ti parí ti Mùjíbátù, lábúlé Olókùúta, lọ́nà Ìyànà Ọ̀fà, ó ti tó ọdún mẹ́jọ báyìí. Bàbá Lìádì ni ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀ tó ti dolóògbé, òun sì ni olórí ẹbí.

Jẹnẹrétọ̀ ilé ìwòsàn ìjọba ló sọnù. Ìkáwọ́ Mùjíbátù ló wà, torí òun ni ọ̀gá àwọn òṣìṣẹ́ ibẹ̀, ṣùgbọ́n Kaothar, ìyàwó ọmọ Bàbá Lìádì, tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀, ló gbé e yá àwọn ará ilé bàbá rẹ̀ fún ìsọmọlórúkọ láìsọ fẹ́nì kan. Àwọn olè sì gbé e lọ níbẹ̀. Kaothar ṣẹ̀ṣẹ̀ wọṣẹ́ ni, ìjọba kò tíì fìdí rẹ̀ múlẹ̀. Bí wọ́n bá gbọ́, ilé ló ń lọ.

Ni Bàbá Lìádì bá pè wọ́n sí pálọ̀.

"Mùjíbátù, ìwọ lo dàgbà. Sọ pé ọwọ́ rẹ ló ti sọnù. Ìwé lásán ni wọ́n máa kọ sí ìwọ. Bó bá wá le tán, èmi fúnra mi á lọ síwájú wọn, màá sọ bó ṣe jẹ́."

Kaothar wà lórí ìkúnlẹ̀, ó ń sunkún. Wọ́n ṣe fátíà. Mùjíbátù ló kọ́kọ́ ṣàmín, tó fọwọ́ pa ojú. Inú rẹ̀ tiẹ̀ dùn, torí ẹni tó bá bo ọmọ láṣírí, Ọlọ́run á bo tirẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe rò ó o.

Kúèrì dé, ó fèsì bí wọ́n ṣe kọ́ ọ. Wọ́n ní ìgbìmọ̀ ìbáwí máa jókòó lórí ọ̀rọ̀ náà. Ó retí retí, ìgbìmọ̀ kò jókòó. Ọjọ́ ìfẹ̀yìntì ní tirẹ̀ kò dúró de ìgbìmọ̀ kankan. Wọ́n fún un ní aago ògiri, wọ́n bá a ya fọ́tò, ó relé. Owó ìfẹ̀yìntì kò tẹ̀ lé e.

"Ẹjọ́ ṣì wà lọ́rùn yín, Màmá," ni wọ́n ń wí lọ́fíìsì ìjọba.

Ẹni tó fi ìgbà èwe rẹ̀ sìnjọba wá di ẹni tó ń yan gààrí, ojú ọ̀tún rẹ̀ sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ fọ́ tán. Dókítà ní iṣẹ́ abẹ ni, kó má ṣe pẹ́, kí ti òsì má baà tẹ̀ lé e. Kí ló fẹ́ fi sanwó iṣẹ́ abẹ? Èéfín gààrí?

Gbogbo ìgbà tó bá ti ọ́fíìsì dé, ọ̀dọ̀ Bàbá Lìádì ló ń lọ.

"Ṣe sùúrù. Mo ń bá wọn sọ̀rọ̀ níbẹ̀."

Mùjíbátù á kúnlẹ̀, á dúpẹ́.

Lọ́jọ́ kan ló bá akọ̀wé tuntun kan pàdé lọ́fíìsì, Praise lorúkọ rẹ̀, ọmọge tó mọ èèyàn kí.

"Màmá, kí ló dé tí ẹ ò fẹ́ kí wọ́n gbọ́ ẹjọ́ yín?"

"Èmi kẹ̀? Èmi tí mò ń bẹ̀ wọ́n!"

"Gbogbo ìgbà tí wọ́n bá ti fẹ́ jókòó ni Alàájì, olórí ẹbí yín, máa ń wá. Ti ẹ̀ẹ̀kẹyìn, ojú mi ló ṣe. Wọ́n ní ara yín ò yá, pé ẹ̀yin lẹ rán àwọn, kí wọ́n jọ̀ọ́ sún un síwájú, ẹbí ń parí ẹ̀ nílé."

Mùjíbátù fa àga kan mọ́ra. Ó jókòó. Praise rọra ṣàlàyé fún un pé ẹjọ́ tí wọn kò gbọ́ títí èèyàn fi fẹ̀yìn tì, kò yẹ kí wọ́n tìtorí ẹ̀ di owó onítọ̀hún mú, pé kó gba kóòtù lọ. Ó ń gbọ́ ọ bí ẹni tó wà lókèèrè. Ọ̀rọ̀ náà dùn ún dé egungun. Ìyà tí ìjọba fi jẹ ẹ́ kò dùn ún tó bẹ́ẹ̀, ìjọba kò kúkú bá a ṣe fátíà.

Nígbà tó délé Bàbá Lìádì, bàbá ń jẹun. Kaothar ló gbé oúnjẹ náà kalẹ̀. Òun ló ń bọ́ ilé báyìí, òun náà ló sì wà lórí àga ọ̀gá tí Mùjíbátù dìde kúrò lórí rẹ̀ nílé ìwòsàn.

"Bàbá, ṣé ẹ̀yin lẹ ń lọ sún ẹjọ́ mi síwájú?"

Òkèlè kò tiẹ̀ há bàbá lọ́fun.

"Ṣé kí n wá jẹ́ kí wọ́n lé ìyá ọlọ́mọ wẹ́wẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ ni? Bí wọ́n bá jókòó, wọ́n á bi mí, n ò sì lè purọ́. Ìwọ ti ṣiṣẹ́ tìrẹ tán."

"Ẹ ò lè purọ́, àmọ́ ẹ lè ní ara mi ò yá. Ojú mi ń fọ́ lọ, Bàbá!"

Kaothar ti kúnlẹ̀ níwájú Mùjíbátù. "Ìyá Roheem, ẹ má bínú. Ẹ fi ti Ọlọ́run ṣe é." Omijé gidi ló ń dà lójú rẹ̀, bíi ti ijọ́sí. Kò sì sọ pé òun á lọ jẹ́wọ́.

Bàbá Lìádì ṣan ọwọ́. "Ẹ jẹ́ ká parí ẹ̀ nílé. A kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́."

Ó tẹ́wọ́ àdúrà, ó bẹ̀rẹ̀ fátíà. Kaothar tẹ́wọ́ tirẹ̀.

Ìdúró ni Mùjíbátù wà. Ó fara balẹ̀ gbọ́ ọ títí dópin, torí kò ní í já ọ̀rọ̀ Ọlọ́run gbà lẹ́nu ẹnikẹ́ni. Nígbà tí wọ́n ṣàmín, abẹ́ ìborùn ni ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì wà.

"Nílé yìí náà la parí ẹ̀ sí níjọ́sí, Bàbá. Tá a bá dé kóòtù, wọ́n á bi yín bó ṣe jẹ́. Ẹ̀yin náà lẹ sì ní ẹ ò lè purọ́."