Igi Ìwọ́ Nidia

Ní abúlé kan létí odò Atrato, wọn kì í sọ ìwọ́ ọmọ nù. Agbẹ̀bí á rì í mọ́lẹ̀, á gbin igi lé e lórí, igi náà á sì máa jẹ́ ti ọmọ yẹn títí ayé. Teófila, agbẹ̀bí wọn, ló gbin èyí tó pọ̀ jù nínú wọn.

Ọ̀sẹ̀ kan gbáko ló fi ń wo Nidia lẹ́nu iṣẹ́, tí ẹnu ń yà á. Ọmọ tó fọwọ́ ara rẹ̀ gbà, tó ti di ayàwòrán nílùú ńlá, ń ta aṣọ funfun mọ́ igi ìwọ́ oníkálukú, ó ń fi èédú ra ojú aṣọ náà jẹ́jẹ́, bí ìyá tó ń fi òróró pa ọmọ lára. Gbogbo ojú èèpo igi á jáde sórí aṣọ, tòun ti àpá àdá.

Nígbà tí Eliseo arúgbó rí tirẹ̀, ó pariwo. "Ojú mi rèé! Gbogbo ìhunjọ ẹ̀ pé!"

"Irọ́ ni," ìyàwó rẹ̀ dá a lóhùn. "Igi yín dúró ṣánṣán, ẹ̀yin lẹ tẹ̀."

Nígbà tó yá, Nidia nu ọwọ́ rẹ̀. "Ìyá, ó ku tèmi. Èwo ni?"

Ohun tí Teófila ń bẹ̀rù nìyẹn.

"Ilẹ̀ àjèjì ni màmá mi sùn sí," Nidia wí. "Igi yẹn nìkan ló kù tó mọ̀ mí níbí."

Teófila mú un lọ sétí odò, ó sì fi ọwọ́ lé ọkọ̀ àjẹ̀ kan tó dojú bolẹ̀.

"Òun rèé. Lẹ́yìn tí ìwọ àti màmá ẹ sá fún ogun kúrò níbí, igbó bo gbogbo ẹ̀. Abelardo ọkọ mi rò pé igi kédárì inú igbó lásán ni. Kí n tó débẹ̀, ó ti gé e lulẹ̀, ó ti ń gbẹ́ inú ẹ̀ láti fi ṣe ọkọ̀. Mi ò lè sọ fún ẹnikẹ́ni. Títí ó fi kú, òun náà ò mọ̀."

Nidia fọwọ́ pa ikùn ọkọ̀ náà.

"Ta ló ń wà á?"

"Èmi ni. Òun ni mo fi ń lọ gbẹ̀bí."

"Ọmọ mélòó lẹ ti fi gbà?"

"Mọ́kànlélógójì."

Omi lé ròrò sójú Nidia, síbẹ̀ ó bú sẹ́rìn-ín. "Igi tèmi nìkan ni kò jókòó sójú kan! Ẹ bá mi di etí aṣọ yìí mú, Ìyá."

Wọ́n tẹ́ aṣọ náà bo ọkọ̀, Nidia sì bẹ̀rẹ̀ sí í ra èédú. Àpá àáké ń yọ jáde lọ́kọ̀ọ̀kan, ní kúkúrú kúkúrú, bí Abelardo ṣe máa ń gbẹ́ igi. Teófila fi ọwọ́ kan lé èyí tó wọ́ lórí aṣọ náà.

"Ibí ni àáké ti yọ̀ mọ́ ọn lọ́wọ́," ó wí. "Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé oúnjẹ dé ni, ó bojú wẹ̀yìn wò mí."

"Ẹ má gbé ọwọ́ yẹn kúrò," ni Nidia wí. Ó sì fi èédú yí i ká díẹ̀díẹ̀, títí àmì ọwọ́ tó gbà á wáyé fi hàn funfun kedere láàárín igi rẹ̀.