Òkú Tí Kò Ṣẹ́jú sí Kámẹ́rà

Kò sí ẹni tí ó lè fi ẹ̀sùn àìgbàgbọ́ kan ìjọ Wòlíì Reuben Olúbọ̀dé ní Barking, ní London. Gbogbo wọn ni wọ́n gba àjíǹde òkú gbọ́. Ohun tí wọn kò gbà ni kí ẹnikẹ́ni nínú wọn dùbúlẹ̀ sínú pósí. Bẹ́ẹ̀, fíìmù tí ìjọ fẹ́ ṣe nílò òkú kan tí Wòlíì yóò jí dìde. Màmá Àdúrà ní orí òun kọ̀ ọ́. Àwọn akọrin ní àwọn ń gbààwẹ̀. Wòlíì fúnra rẹ̀ ṣàlàyé pé ẹni tí ń jí òkú kò lè tún jẹ́ òkú lẹ́ẹ̀kan náà, a kò sì lè rí àléébù kankan nínú àlàyé yìí.

Báyìí ni Bọ́ládé, ọ̀kan nínú ọmọ ìjọ, ṣe mú Marivic wá, obìnrin ará Philippines tí wọ́n jọ ń di ẹrù ní Dagenham Dock. Òṣèré ńlá ni Marivic ní Manila. Ó ti ṣe ayaba, ó ti ṣe aṣẹ́wó, ó ti ṣe ìyàwó olóṣèlú àti afọ́jú tí ń kọrin. Àwọn oníwèé ìròyìn ní kò sí ipa tí kò lè kó. Láti ìgbà tí ó ti dé London, ipa kan ṣoṣo ni wọ́n fún un: obìnrin inú ẹ̀wù aláwọ̀ ọsàn, tí ń lẹ páálí. Nítorí náà, nígbà tí ó gbọ́ pé òkú náà yóò jí, yóò sì jẹ́rìí, ẹ̀rí yẹn ni ó gbà á lọ́kàn. Ó ti ń gbọ́ Yorùbá díẹ̀díẹ̀ lẹ́nu Bọ́ládé níbi iṣẹ́; ó wá kọ́ ẹ̀rí náà lẹ́nu rẹ̀, láàárín páálí, títí kò fi sí àṣìṣe níbẹ̀ mọ́.

Àárọ̀ ọjọ́ tí wọn yóò ya fíìmù ni Wòlíì gé ẹ̀rí náà kúrò.

"Àǹtí mi, ẹni tí mo jí ò gbọdọ̀ sọ̀rọ̀ jù mí lọ," ni ó wí. "Ẹ kàn dìde, kí ẹ rẹ́rìn-ín músẹ́. Màá ṣàlàyé ìyókù."

"Ọ̀rọ̀ yẹn ni mo torí ẹ̀ wá, sà."

"Ẹ̀rín gan-an, ipa ńlá ni."

Marivic wọ inú pósí.

"Àǹtí, ẹ ṣẹ́jú sí kámẹ́rà o!" Abíọ́lá, tí ń ya fíìmù, ni ó pariwo bẹ́ẹ̀. Àṣà àwọn òṣèré nílé ni: ẹni tí ó bá fẹ́ ṣe òkú yóò kọ́kọ́ ṣẹ́jú, kí ikú lè mọ̀ pé eré ni.

"Mo ti kú ní Manila ju ìgbà mẹ́wàá lọ," ni Marivic dáhùn. "N ò ṣẹ́jú rí." Ó sì pa ojú dé.

Wòlíì gbé ọwọ́ sókè. "Dìde!" Òkú kò dìde. "Mo ní, dìde!" Ó mi agogo, ó wọ́n omi àdúrà. Omi náà ṣàn kọjá lójú Marivic. Ìpéǹpéjú rẹ̀ kò gbọ̀n.

"Eré ló ń ṣe," ni Bọ́ládé wí, ṣùgbọ́n ó ti ń fà sẹ́yìn.

"Kò mà ṣẹ́jú!" Màmá Àdúrà figbe ta. "Ikú ti gbà á sí òótọ́! Yéè!"

Ìjọ tí ó gba àjíǹde gbọ́ bá tú jáde sí East Street, tàwọn ti sùtánà, láìwọ bàtà, láàárín àwọn tí ń ta ọ̀gẹ̀dẹ̀ àti àpò fóònù. Abíọ́lá fi kámẹ́rà rẹ̀ sílẹ̀, kámẹ́rà náà sì ń ṣiṣẹ́ lọ. Wòlíì nìkan ni kò sá, nítorí etí sùtánà rẹ̀ há sábẹ́ pósí. Ó yọ fóònù.

"Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi ambúláǹsì ránṣẹ́! Obìnrin kan kú síbí... Èmi kẹ̀? Rárá o, mo kàn ń kọjá lọ ni."

Marivic la ojú kan. "Ẹ̀rí mi ńkọ́, sà?"

Fóònù bọ́ lọ́wọ́ Wòlíì. "Ẹ sọ ọ́! Ẹ sọ gbogbo ẹ̀!"

Marivic jókòó sókè nínú pósí, ó tún irun rẹ̀ ṣe, ó sì kọjú sí kámẹ́rà.

"Mo kú, mo sì jí," ni ó wí, ní Yorùbá tí ó já gaara. "Níbi tí mo wà, mo gbọ́ ohùn ènìyàn Ọlọ́run. Ó ní òun kàn ń kọjá lọ ni."

Nínú ohun tí ó sọ, gbólóhùn àkọ́kọ́ nìkan ni Bọ́ládé kọ́ ọ; òun fúnra rẹ̀ ni ó fi ìyókù kún un. Màmá Àdúrà, tí ó ti ń yọjú lẹ́nu ọ̀nà, ni ó kọ́kọ́ kígbe Halelúyà.