Ẹ́ńjìnnì Tí Ìjọba Rà fún Elroy

"Má fọwọ́ sí i." Elroy Plautz gún ẹja díndín tó wà níwájú rẹ̀ ní fọ́ọ̀kì, àfi bí ẹni pé ẹja náà ló ń bá a jiyàn. "Wọ́n fẹ́ fi ipò tàn ọ́ jẹ ni. Ipò á gòkè, owó á wálẹ̀."

Renae, ọmọ rẹ̀ obìnrin, ń fi ṣíbí ro kábéèjì inú àwo. Ìrọ̀lẹ́ Jímọ̀ ni. Ilé ọtí Stub kún dẹ́nu, nítorí kò sí ẹni tó ń dáná nílé ní Willow Portage lọ́jọ́ ẹja díndín.

"Bàbá, dọ́là méje ni wọ́n fi kún owó wákàtí kan fún mi. Dọ́là méje o!"

"Ṣé ìwọ lo máa ná an? Tó o bá ti kọjá ibì kan báyìí, ìjọba àpapọ̀ á gbé ọ sí ìpele àwọn olówó. Ìpínlẹ̀ Wisconsin náà á na ọwọ́ tiẹ̀. Wọ́n á bó ọ bí ẹni bó àgbàdo! Iye tó máa délé, kò ní tó èyí tó ò ń gbà báyìí."

"Fóònù ò sọ bẹ́ẹ̀."

"Fóònù!" Elroy wo ọ̀tún, ó wo òsì, bí ẹni tó ń wá ẹlẹ́rìí. "Fóònù ti ṣiṣẹ́ nílé iṣẹ́ bébà rí? Bọ́mọdé bá láṣọ bí àgbà, kò lè ní àkísà bí àgbà. Ojú mi ló rí i."

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ṣeréṣeré fún Renae. Ó ti lé lógún ọdún tó ti wà nílé iṣẹ́ wàràkàṣì Hollenbeck, nínú yàrá omi iyọ̀, níbi tí wọ́n ti ń ri wàràkàṣì tútù bọ inú omi. Iyọ̀ ti la ọwọ́ rẹ̀ bí ilẹ̀ ọ̀dá. Ìpara kan ò ràn án mọ́, ìbọ̀wọ́ kan ò sì gbà á sílẹ̀. Ní ọ̀sẹ̀ yẹn ni Mai Xiong, máníjà wọn, pè é sí ọ́fíìsì pé kó wá di ọ̀gá gbogbo òṣìṣẹ́ ẹ̀ka náà. Ìwé wà lórí tábìlì. Kó tó di aago méjìlá ọ̀sán Sátidé, nígbà tí fèrè bá fọn, kó wá fọwọ́ sí i, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, Tanner ni wọ́n máa fún. Ọmọ ẹ̀gbọ́n ẹni tó ni ilé iṣẹ́ ni Tanner. Ẹnikẹ́ni tó bá ń wá a, kó lọ wò ó lẹ́yìn àwọn páálí, níbi tó ti ń fi fóònù wo bọ́ọ̀lù.

Renae ti ṣírò rẹ̀ ju ẹ̀ẹ̀kan lọ. Ó tẹ owó iṣẹ́ tuntun sínú fóònù, ó tẹ orúkọ ìpínlẹ̀ rẹ̀, ó tẹ̀ ẹ́ pé òun ò lọ́kọ nílé. Fóònù yọ owó orí ìjọba àpapọ̀, ó yọ ti ìpínlẹ̀, ó yọ owó ọjọ́ ogbó, síbẹ̀ ó ní nǹkan bí ọ̀ọ́dúnrún ó lé ọgọ́rin dọ́là ni yóò máa fi lé sí owó ọwọ́ rẹ̀ lọ́sẹ̀ méjì méjì. Ṣùgbọ́n òun náà rí sọ̀wédowó bàbá rẹ̀ nígbà náà lọ́hùn-ún. Ọmọge ni nígbà yẹn. Ẹ̀rọ kejì bàjẹ́ nílé iṣẹ́ bébà, Elroy ṣiṣẹ́ àṣekún tọ̀sán-tòru fún ọ̀sẹ̀ bíi mélòó kan, gbogbo ilé ń retí owó ńlá. Nígbà tí sọ̀wédowó dé, owó orí tí wọ́n yọ nínú rẹ̀ pọ̀ débi pé ìyá rẹ̀ lẹ ẹ̀dà rẹ̀ mọ́ ara fíríìjì kí àlejò lè bá wọn wò ó. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, wọ́n pe Elroy pé kó wá di ọ̀gá òṣìṣẹ́. Ó ní ó tì o, òun ò ṣe. Ẹni tí ejò bá ti bù jẹ rí, bó bá rí ekòló, á sá. Ìdí ẹ̀rọ kan náà ló dúró sí títí ó fi fẹ̀yìn tì.

Fóònù ń sọ tiẹ̀, sọ̀wédowó ń sọ tiẹ̀. Ta ni kéèyàn gbà gbọ́? Bàbá rẹ̀ ò purọ́ fún un rí.

"Mo ti gbọ́, Bàbá," ló wí níkẹyìn. "Màá sọ fún wọn pé mi ò ṣe mọ́." Inú rẹ̀ bàjẹ́ bó ṣe sọ ọ́. Ó ki ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì sábẹ́ tábìlì kí bàbá má baà rí i.

Láàárọ̀ Sátidé, wọ́n wa ọkọ̀ ojú omi bàbá lọ sí òdìkejì adágún, níbi tí ẹja ti máa ń jẹun. Renae fi ìwọ̀ sómi, ṣùgbọ́n ọkàn rẹ̀ ò sí níbẹ̀. Ṣebí tó bá padà dé èbúté, á tẹ Mai láago, ọ̀rọ̀ á sì tán. Lórí omi níbí, fóònù kì í rí nẹ́tíwọ́ọ̀kì.

Kò pẹ́ tí Gordy fi yọ nínú ọkọ̀ tirẹ̀, òun àti ẹ́ńjìnnì rẹ̀ tó ń wúkọ́ bí arúgbó. Ọ̀rẹ́ Elroy ni láti kékeré, ọ̀tá rẹ̀ sì ni nínú ẹja pípa.

"Elroy! Ìgbà wo lo máa ta ẹ́ńjìnnì yẹn fún mi?"

"Ọjọ́ tí mo bá kú. Lọ́jọ́ yẹn pàápàá, Renae á kọ́kọ́ rò ó ná." Elroy fọwọ́ gbá ẹ́ńjìnnì ẹ̀yìn ọkọ̀ rẹ̀ pẹ́pẹ́. "Ìjọba ló ra èyí fún mi, ọ̀rẹ́ mi. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ lu mí ní jìbìtì nínú iṣẹ́ àṣekún tán ni, ni Ọlọ́run bá bá mi dá sí i, owó orí tí wọ́n dá padà fún mi nígbà ìrúwé ra odindi ẹ́ńjìnnì! Ìwọ lọ ní kí wọ́n ra tìẹ."

Gordy rẹ́rìn-ín, ó sì wúkọ́ kọjá lọ pẹ̀lú ẹ́ńjìnnì rẹ̀.

Àìmọye ìgbà ni Renae ti gbọ́ ìtàn yìí. Àwọn ọmọ Stub pàápàá lè kà á lákọ̀sórí. Ṣùgbọ́n lọ́jọ́ yìí, ó gbé ọ̀pá ìpẹja rẹ̀ kalẹ̀.

"Bàbá, ìgbà ìrúwé wo nìyẹn?"

"Èyí tó tẹ̀ lé ọdún tí ẹ̀rọ bàjẹ́. O ò mọ̀ ni?"

"Ọdún tó ṣáájú yẹn ńkọ́? Èló ni wọ́n dá padà?"

"Owó bíà lásán."

"Èyí tó tẹ̀ lé ti ẹ́ńjìnnì ńkọ́?"

"Owó bíà náà ni. Kí ló dé?"

"Kí ló wá dé tí ìjọba fi fẹ́ràn yín lọ́dún yẹn nìkan?"

Elroy bojú wẹ̀yìn wo ẹ́ńjìnnì rẹ̀.

"Bàbá, owó iṣẹ́ àṣekún yín ni." Renae nàka sí ẹ́ńjìnnì náà. "Ẹ̀rọ tó ń ṣírò owó iṣẹ́ rí sọ̀wédowó ńlá kan, ó ṣe bí ẹni pé irú ẹ̀ lẹ ó máa gbà jálẹ̀ ọdún. Ó bá yọ owó orí olówó ńlá. Nígbà tọ́dún parí, ìjọba àpapọ̀ àti ti ìpínlẹ̀ wò ó, wọ́n rí i pé ẹ kì í ṣe olówó ńlá, wọ́n dá èyí tó lé padà. Ẹnikẹ́ni ò jẹ ẹ́. Òun lẹ fi ń wa ọkọ̀ yẹn!"

"Ìpele ńkọ́? Ìpele tí wọ́n á gbé ọ sí?"

Renae fa garawa mẹ́ta tó wà nísàlẹ̀ ọkọ̀ wá síwájú. "Ká sọ pé ẹja inú garawa kìíní, ìjọba ò mú kankan níbẹ̀. Tó bá kún, ẹ bọ́ sí ìkejì, wọ́n mú díẹ̀ níbẹ̀. Ìkẹta, wọ́n mú jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n ẹja tẹ́ ẹ jù sínú ìkẹta, ṣé ó lè mú kí wọ́n padà wá kó ti ìkíní?"

"Wọn ò jẹ́ dán an wò."

"Bí owó orí ṣe rí nìyẹn. Ìwọ̀nba tó bá wọ garawa kẹta nìkan ni wọ́n ń gba owó orí gíga lórí rẹ̀. Ìyókù wà bó ṣe wà."

Ó wo garawa, ó wo ẹ́ńjìnnì, ó yí ojú sí omi. Ọkùnrin tó ti fi ìtàn kan pa gbogbo ìlú lẹ́rìn-ín láti ọjọ́ yìí wá ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gbọ́ ìparí ìtàn náà ni.

"Ìyá ẹ sọ fún mi," ló wí. "Ó ní, 'Elroy, gba iṣẹ́ náà.' Mo bínú sí i. Mo ní kí ló mọ̀ nípa owó orí." Ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu imú. "Ọgbọ́n ọlọ́gbọ́n ni kì í jẹ́ ká pe àgbà ní wèrè. Èmi ò gba tiẹ̀. Aago mélòó ló lù?"

"Ó ti ń lọ sí méjìlá. Mọ́tò mi wà ní èbúté lọ́hùn-ún, tí mo bá fi máa yí adágún yìí ká—"

"Ta ló ní kó o yí i ká? Ṣé etí omi kọ́ ni Hollenbeck wà ni?" Ó ti ń fa ìdákọ̀ró sókè. "Jókòó dáadáa."

Ẹ́ńjìnnì bú ramúramù. Iwájú ọkọ̀ gbérí sókè, garawa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta yí dànù, ìwọ̀nba ẹja díẹ̀ tí wọ́n pa sì bẹ̀rẹ̀ sí í jó nílẹ̀ ọkọ̀. Wọ́n fò kọjá lára Gordy, omi bò ó.

"Elroy! Ẹja ń jẹun níbí o!"

"Jẹ́ kí wọ́n máa jẹ!"

Mai Xiong ti gbé báàgì kọ́ èjìká nígbà tí Renae já wọ ọ́fíìsì pẹ̀lú bàtà òjò, omi ń kán lára rẹ̀ tótó. Tanner wà níbẹ̀ nínú ṣẹ́ẹ̀tì tó lọ̀ gbẹrẹ, ó ti mú bíró lọ́wọ́.

"Renae! Mo ti rò pé o ò wá mọ́," ni Mai wí. "Mi ò rí ọkọ̀ ẹ níta."

"Ẹ̀yìn ni mo so ó mọ́."

Ó gba bíró lọ́wọ́ Tanner, ó fọwọ́ sí ìwé náà. Orúkọ rẹ̀ ṣì tutù lórí ìwé nígbà tí fèrè ọ̀sán fọn.

Tanner yínmú. "Àǹtí Renae, òórùn ẹja yín ò ṣeé fara dà o."

"Bí òórùn iṣẹ́ ṣe rí nìyẹn, ọmọ mi. Láàárọ̀ Mọ́ńdè, yàrá omi iyọ̀. Mú ìbọ̀wọ́ ẹ dání."

Mai fi ìwé bo ẹnu kó má baà rẹ́rìn-ín síta.

Nígbà tí Renae padà sétí omi, bàbá rẹ̀ ti bọ́ fìlà, ó ń fi nu ẹ́ńjìnnì náà látòkè délẹ̀. Renae gbé ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì sókè, ọwọ́ lílà yẹn, ó jù wọ́n lójú òfuurufú bí ẹni tó gba ife-ẹ̀yẹ.

"Lẹ́yìn tí ìjọba méjèèjì bá ti mú tiwọn," ni Elroy bi í, "èló ló máa fi lé?"

Ó sọ iye rẹ̀ fún un. Elroy mi orí tìtì.

"Ìwọ lo máa sanwó ẹja ní Jímọ̀ tó ń bọ̀ nìyẹn." Lẹ́yìn náà ló wá rọra sọ ọ́: "Inú ìyá ẹ ì bá dùn. Ì bá tún fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ títí ilẹ̀ á fi ṣú."

Bí wọ́n ṣe ń tukọ̀ padà, Gordy tún yọ lọ́ọ̀ọ́kán, aṣọ rẹ̀ tutù, ẹ́ńjìnnì rẹ̀ ti kú pátápátá, ó ń fi àjẹ̀ wa ọkọ̀ rẹ̀.

"Elroy!" ló ń pariwo. "Kí ni ìjọba ra sínú ẹ́ńjìnnì yẹn fún ẹ ná?"

Elroy dín iná ẹ́ńjìnnì kù. Ó wo ọmọ rẹ̀, ó sì nàró sínú ọkọ̀ kí Gordy lè gbọ́ ọ dáadáa.

"Ìjọba kọ́," ló wí. "Èmi ni mo rà á. Owó mi ni! Ju okùn ẹ síbí, ká wọ́ ọ délé."